Fìlà Bàbá Àgbà Nínú Sinimá

Ojúlé Keje,
Òpópónà Oníbúrẹ́dì,
Molfetta.
Ọjọ́ Kẹta, Oṣù Kẹsàn-án, 1909.

Palmira mi ọ̀wọ́n,

“Vito! Dé fìlà rẹ, aláìnítìjú! Ta lò ń rẹ́rìn-ín sí?”

Ohun tí ìyá àgbà mi ṣẹ̀ṣẹ̀ kígbe nìyẹn nínú àgọ́ sinimá, lójú gbogbo ayé. Ọjọ́ kẹta rèé tá a ń lọ síbẹ̀. Má bínú, n ò tíì kí ọ. Ṣé dáadáa lo wà ní Naples? Ìyá rẹ ńkọ́? Ìka rẹ tí abẹ́rẹ́ gún, ṣé ó ti san?

O mọ̀ pé látìgbà tí Vito, bàbá àgbà mi, ti kú lóṣù kejì, ìyá àgbà ò jáde mọ́. Fèrèsé títì, aṣọ dúdú, ọbẹ̀ ṣíbí méjì, ó tán. Ni onísinimá kan bá pàgọ́ síbí, wọ́n ní ìwọ́de Màríà Mímọ́ ti èṣí wà nínú àwòrán rẹ̀. Ìyá àgbà ní opó kì í lọ wòran, àmọ́ ó lè lọ kí Màríà. Ló bá mú ìlẹ̀kẹ̀ àdúrà, ó kúnlẹ̀ láàárín àwọn tó ń jẹ kóró elégédé.

Ère kọjá, ó fọwọ́ sàmì àgbélébùú. Àwọn onífèrè tẹ̀ lé e. Bàbá àgbà rèé, ààyè rẹ̀, ó ń fọn fèrè tá ò gbọ́! Àfi bó ṣe gbẹ́nu kúrò lára fèrè, ó wòkè, ó ṣí fìlà, ó rẹ́rìn-ín. Ta ló wà lójú fèrèsé lókè? Mincuccia, opó oníbúrẹ́dì!

Fádà Gaetano ní ẹ̀rọ yẹn ń hú òkú. Àwọn ọkùnrin ìlú ti búra pé níbi ìwọ́de tọdún yìí, ilẹ̀ làwọn á máa wò títí dé ṣọ́ọ̀ṣì. Mincuccia ní tiẹ̀ ò sẹ́ o. Inú rẹ̀ ń dùn, búrẹ́dì ń tà.

Palmira, èmi ni bàbá àgbà kí. Ìyá àgbà tì mí mọ́lé lọ́jọ́ ìwọ́de èṣí náà torí pé mo rẹ́rìn-ín ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo fo ògiri sílé Mincuccia, mo sá pamọ́ sẹ́yìn rẹ̀ lójú fèrèsé. Nínú àwòrán, òkùnkùn lásán ni mí. Bó ṣe máa ń kí mi nìyẹn: á ṣí fìlà, á ní, “Mo júbà o, olorì mi.” Mo sunkún díẹ̀ nínú àgọ́.

Mo fẹ́ jẹ́wọ́ lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Àmọ́ bá a ṣe délé, ìyá àgbà ṣí fèrèsé kó lè máa ṣọ́ ilé Mincuccia. Ó ní ebi ń pa òun, èèyàn kì í fi inú òfìfo jà. Ó jẹ ẹja mẹ́ta! Lónìí, ó fi yẹtí sétí, ó ní, “Nunziata, ṣe kíá, ọkọ mi ń dúró kí n wá bú òun.”

Òkú kì í rojọ́. Bàbá àgbà á fara mọ́ ọn. Títí láé, ẹnikẹ́ni ò ní gbọ́ ọ lẹ́nu mi. Bá mi kí ìyá rẹ, kó o sì dáná sun lẹ́tà yìí.

Èmi ni, ẹni tí wọ́n ṣí fìlà fún,
Nunziata.