Orúkọ Tí Mo Pè Níwájú Kámẹ́rà

Màmá mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú ilé o. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti Peckham, nílùú Òyìnbó níbí. Mo kí Dádì, mo kí Aunty Ṣadé. Òtútù ibí ò tíì lọ, ṣùgbọ́n ara mi le. Ọkàn mi ni kò balẹ̀.

Mo ti sọ fún yín nípa bàbá ará Mẹ́síkò tí mò ń tọ́jú ní Nunhead. Ìlú-mọ̀ọ́ká onífíìmù ni Bàbá Rámọ́n nílùú wọn. Iná ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbé fún àwọn tó ń ya fíìmù. Nígbà tó yá, wọ́n di òṣèré, wọ́n ń kọ ìtàn, wọ́n wá di olùdarí. Wọ́n ṣe fíìmù apanilẹ́rìn-ín, wọ́n ṣe ti orin, wọ́n ṣe ti iwin tí àwọn èèyàn ń fọwọ́ bojú wò. Ìgbà tí ìyàwó wọn kú ni ọmọ wọn obìnrin mú wọn wá síbí.

Láìpẹ́ yìí, wọ́n ní àwọn fẹ́ ya fíìmù kékeré kan kí ojú àwọn tó fọ́ tán. Ìtàn ìyá kan ni, tí ọmọ rẹ̀ gba aṣálẹ̀ lọ sí Amẹ́ríkà, tí kò dé ibẹ̀. Wọ́n ní kí n ṣe ìyá náà. Mo ní mi ò ṣeré rí. Wọ́n ní kí n ṣáà wá.

Ní Sátidé, a lọ sí pápá Peckham Rye. Ọmọ wọn gbé kámẹ́rà. Wọ́n ní kí n pe ọmọ inú ìtàn náà, kí n sì dúró bí ẹni tó ń retí ìdáhùn. Mo lanu, "Délé" ló jáde. Délé, àbúrò mi. Mo tún pè é.

Bàbá Rámọ́n ní kí ọmọ wọn pa kámẹ́rà. Wọ́n jókòó tì mí, wọ́n bi mí pé, "Ta ni Délé?"

Mo ní àbúrò mi ni, ó wà nílé.

"Ìgbà wo lo gbọ́ ohùn ẹ̀ gbẹ̀yìn?"

Màmá, tí mo bá pè, tí mo béèrè ẹ̀, ẹ ó ní ó ń wẹ̀, ẹ ó ní ó ti sùn. Mo gbà, torí mo fẹ́ gbà á bẹ́ẹ̀. Lórí bẹ́ńṣì yẹn ni mo ti pè yín. Dádì ló gba fóònù lọ́wọ́ yín, wọ́n ní Délé ti gba ọ̀nà Líbíà lọ, pé láti Agadez, létí aṣálẹ̀, ni wọ́n ti gbúròó ẹ̀ gbẹ̀yìn.

Bàbá Rámọ́n ní àwọn ti fi dídẹ́rùba èèyàn jẹun láti kékeré, ṣùgbọ́n àwọn ò ní fi ohun tí kámẹ́rà yà yìí han ẹnikẹ́ni. Wọ́n sì pa á rẹ́.

Mi ò bínú, Màmá. Ẹ̀rù ló ń bà mí. Tí fóònù bá dún nínú bọ́ọ̀sì, àyà mi á já. Tí kò bá dún, ó burú ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ní kí àwọn oníwèé ìròyìn tẹ lẹ́tà yìí síta, bóyá ẹni tó rí Délé lọ́nà á kà á. Ẹ jọ̀ọ́, ohun yòówù tí ẹ bá gbọ́, ẹ má fi pa mọ́ fún mi mọ́.

Ọlọ́run á dá yín sí fún wa, ẹ ò ní fojú sunkún ọmọ. Mo kí gbogbo ilé. Mo kí Délé náà, níbi yòówù kó wà.

Èmi ni ọmọ yín,
Bọ́lá