Aṣọ Ogun Ẹṣin Tó Wà Lórí Ibùsùn Mi

Ọmọ mi àtàtà,

Mo kí ọ kú iṣẹ́, mo kí ọ kú àárẹ̀, mo tún kí ọ kú òtútù ẹ̀rọ tí o ní ó ń wọ̀ ọ́ ní egungun níbi iṣẹ́. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí àìsàn mọ ilé rẹ. Àlàáfíà ni a wà. Ìyá rẹ ní kí n kí ọ, ó ní kí n má gùn lọ́rọ̀, àmọ́ ìwọ náà mọ̀ mí.

Fọ́ọ̀mù ilé ohun àtijọ́ tí o ti ń ṣiṣẹ́ ti tẹ̀ mí lọ́wọ́. Wọ́n ní kí n kọ orúkọ ẹni tó ni lífídì náà, aṣọ ogun ẹṣin tó wà lórí ibùsùn mi, kí wọ́n lè gbé e sínú àpótí dígí. Mo kọ ọ́ pé ẹṣin ni, nítorí ẹṣin ló wọ̀ ọ́. Níbi tí wọ́n ní kó fọwọ́ sí, mo ṣàlàyé pé ó ti kú kí wọ́n tó bí mi, kí wọ́n má bínú. Àwòrán inú rẹ̀ tí o béèrè náà, mo ti yà á, mo ki fóònù bọ abẹ́ aṣọ náà dáadáa. Òkùnkùn tí o rí yẹn, inú rẹ̀ gan-an nìyẹn.

Ní ti ìtumọ̀, bàbá bàbá mi, tó rán an, sọ pé lífídì ni aṣọ tó nípọn tí wọ́n ki òwú sí láàárín, bí èmi náà ṣe ń ki tìmùtìmù tí mò ń tà, tí wọ́n fi ń bo ẹṣin lójú ogun kí ọfà má baà wọlé. Ó ní ọ̀rọ̀ náà rìn jìnnà ju ẹṣin lọ. Ọ̀dọ̀ àwọn Lárúbáwá ló ti ṣẹ̀ wá, irun àgùntàn tí wọ́n tẹ̀ mọ́ra ni wọ́n ń fi pè níbẹ̀, ó sì ń ti ẹnu bọ́ sí ẹnu títí ó fi dé ẹnu tiwa, irun sì di òwú lójú ọ̀nà.

Lọ́sàn-án àná tí mo sùn lórí rẹ̀, ẹṣin náà wọ yàrá wá pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kò tilẹ̀ kan àga. Mo bi í bóyá kí n gbé aṣọ rẹ̀ fún wọn. Ó kàn bi mí pé ta ló ń gbé wa báyìí. Nígbà tí mo jí, orúkọ rẹ ló wà lẹ́nu mi. Òògùn ìyá rẹ, òrùlé wa, owó iná, ẹ̀yìn rẹ ni gbogbo rẹ̀ wà, a ò sì fi nǹkan kan bò ọ́ rí. Ó dùn mí.

Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Mo ti gé lífídì náà, mo fi ẹ̀wù rẹ àtijọ́ wọ̀n ọ́n, mo sì ti rán apá sí i. Fi owó bọ́tìnnì mẹ́rin ránṣẹ́, àti owó ọkọ̀ kí n lè gbé e wá fúnra mi. Sọ fún ọ̀gá rẹ pé kó máa mú ọ̀rọ̀ náà, lífídì, ìyẹn ni kí wọ́n gbé sínú dígí.

Ọfà kankan kò ní wọlé sí ọ lára.

Èmi ni bàbá rẹ, onítìmùtìmù.