Pákó Kan Ló Kù Lórí Afárá

Ilé Kẹrìnlá,
Òpópónà Etí Odò.
Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kẹta.

Aránṣọ mi àtàtà,

Ṣé dáadáa lo wà? Ọkọ rẹ ńkọ́? Àwọn ọmọ ńkọ́, pàápàá èyí tó máa ń bú sẹ́kún tó bá ti rí mi? Mo gbọ́ pé Màmá ti ń jẹun dáadáa báyìí, inú mi sì dùn gan-an. Ẹsẹ̀ ọ̀tún yẹn ńkọ́? Àbúrò rẹ ní ẹsẹ̀ òsì nìkan lo fi ń tẹ maṣín, síbẹ̀ aṣọ tí ò ń rán ò dín kù. Kò yà mí lẹ́nu. Ní tèmi, ara mi le, ẹnu mi sì le ju ara lọ, bí o ṣe mọ̀ mí.

Àbúrò rẹ tún sọ fún mi pé láti ọjọ́ tí afárá tuntun ti yọ sórí odò lo ti fi aṣọ bo fèrèsé tó kọjú sọ́dọ̀ wa. Ẹnu àwọn èèyàn nìkan lo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ náà nìyẹn, wọn á sì ti sọ ọ́ ní ìsọkúsọ. Jẹ́ kí n sọ ọ́ fún ọ bó ṣe rí gan-an.

Iléeṣẹ́ àwọn tó ń tún ọ̀nà ṣe, níbi tí mo ti ń ṣe akọ̀wé, ló gba ẹ̀rọ ìtàn. Kò tóbi ju tábìlì maṣín rẹ lọ. Àrọ ńlá kan, irú èyí tí a fi ń rọ kẹrosín, ló wà lára rẹ̀ bí etí. Ohun tí èèyàn bá fi ìtàn sọ sínú àrọ yẹn, tí ìtàn náà bá dúró dáadáa, á rí bẹ́ẹ̀ lóòótọ́. Ojú mi ló ṣe tí ọ̀gá wa sọ ìtàn òrùlé ọ́fíìsì tó ń jò. Kó tó pa ẹnu dé, òrùlé ti dí.

Ọ̀gá iléèwé wa àtijọ́, àwọn tó máa ń ní kí n kúnlẹ̀ torí pé mo ń sọ̀rọ̀ jù, ni wọ́n kọ́kọ́ bẹ̀ kí wọ́n sọ ìtàn afárá. Odindi wákàtí kan ni wọ́n fi sọ ọ́. Afárá yọ o! Ó ga, ó ń dán, ó rẹwà. Àmọ́ kò sí ibi tí èèyàn lè gbà gùn ún, torí nínú gbogbo àlàyé wọn, kò sí ẹnì kan ṣoṣo tó rìn lórí rẹ̀. Gbogbo wa dúró nísàlẹ̀, à ń wò ó bí ẹni ń wo òṣùpá. Wọ́n ní kí n má rẹ́rìn-ín. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Nígbà tó di ọjọ́ kejì, afárá ti pòórá.

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ẹ̀rín fún ẹ̀gbọ́n mi agbẹ̀bí. Lóṣù tó kọjá, aboyún kan láti ọ̀dọ̀ yín tó fẹ́ wá sọ́dọ̀ wọn gba ọ̀nà jíjìn tó yí odò po, inú bọ́ọ̀sì ló bímọ sí. Ìyá yè, ọmọ yè, àmọ́ ẹ̀gbọ́n mi sunkún. Mo bá ní kí ọ̀gá wa fún mi ní ẹ̀rọ yẹn. Ó bi mí bóyá mo lè ṣe é. Mo ní ta ló tún lè ṣe é?

Mo mọ ẹni tó máa rìn nínú ìtàn mi. Ìwọ ni. Má bínú, mi ò gbàyè lọ́wọ́ rẹ. Mo ní o jáde nílé láàárọ̀, o dé etí odò, o sì gun afárá láti ọ̀dọ̀ yín. Mo jẹ́ kí àtẹ̀gùn lọ sílẹ̀ nítorí ẹsẹ̀ rẹ. Mo ní o fi ọwọ́ ọ̀tún di irin mú, irin sì yọ lápá ọ̀tún. Mo ní ó rẹ̀ ọ́, o jókòó, bẹ́ńṣì kan sì yọ síbẹ̀. Bí mo ṣe ń sọ ni pákó ń tò bọ̀ lọ́dọ̀ wa.

Àárín odò ló ti dúró. Mo sọ, mo tún un sọ, pákó kan ò kún un. Ibẹ̀ náà ni afárá àtijọ́ ti já mọ́ wa lẹ́sẹ̀ lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, tí o fi ṣèṣe lẹ́sẹ̀ ọ̀tún. Ọ̀rẹ́ mi, mo mọ ohun tí ẹ̀rọ ń dúró dè. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń sọ fún gbogbo ayé pé àwa méjèèjì la jọ pinnu láti kọjá. Irọ́ ni. Ìwọ dúró, o ní pákó ń mì. Èmi ni mo fà ọ́ lọ́wọ́, tí mo ní, "Jẹ́ ká lọ jàre, kò sí nǹkan kan." Mo sọ ọ́ sínú àrọ níwájú ọ̀gá wa àti gbogbo òṣìṣẹ́. Ìwọ gan-an ló yẹ kí n kọ́kọ́ sọ ọ́ fún. Jọ̀ọ́, dárí jì mí. Bí mo ṣe sọ ọ́ tán ni pákó tún bẹ̀rẹ̀ sí í tò.

Ó wá ku pákó kan kó kan ilẹ̀ lọ́dọ̀ wa. Ọ̀gá wa ní kí n parí rẹ̀, kí n sọ ohun tí o sọ nígbà tí o dé. Gbogbo wọn ń wo ẹnu mi. O mọ̀ pé mi ò kì í wá ọ̀rọ̀ tì. Àmọ́ ọ̀rọ̀ yẹn kì í ṣe tèmi. Mo ti dá pinnu fún ọ lẹ́ẹ̀kan rí, o sì rí ibi tó já sí. Mo dákẹ́. Ọ̀gá wa rò pé ara mi ò yá.

Àlàfo náà ṣì wà níbẹ̀. Wọ́n gbé pákó gidi sí i, kò dúró, torí ìṣó kì í wọ igi afárá yẹn. Àwọn géńdé ń fò ó. Aboyún ò lè fò ó.

Mo mọ̀ pé o búra pé o ò ní gun afárá mọ́ láyé. Síbẹ̀, ó dá mi lójú pé wàá wá, torí mo ti mọ̀ ọ́ kí n tó mọ̀wé kà. Ọ̀gá wa ti gbà kí n gbé ẹ̀rọ wá sí etí odò. Ohun tó bá wù ọ́ ni kí o sọ sí i. Tó bá jẹ́ pé èébú lo fẹ́ bú mi, bú mi dáadáa. Afárá á dúró lórí rẹ̀.

Bá mi kí ọkọ rẹ àti Màmá. Ẹ̀gbọ́n mi agbẹ̀bí ní kí n kí ọ. Jọ̀ọ́, fún akólẹ́tà yìí lómi mu. Fífò ló fo àlàfo yẹn kó tó dé ọ̀dọ̀ rẹ, kò sì kéré lọ́jọ́ orí mọ́.

Tó bá di àárọ̀ ọ̀la, ṣí aṣọ fèrèsé yẹn. Wàá rí mi lódìkejì, mo dúró, mo pa ẹnu mọ́.

Èmi ni tìrẹ, àní lọ́jọ́ tí o bá ń bínú sí mi,

Rédíò