Mò Ń Jowú Òkú ní Maníla

Ẹ kú ilé o, Màámi. Ẹ kú ojú lọ́nà ọmọ. Mo dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ láti ìlú Maníla níbí. Mo kí Bàbá Àgbà, mo kí gbogbo ará agbo ilé wa ní Ẹdẹ. Ṣé ẹsẹ̀ tó ń dùn yín ti ń fúyẹ́? Ara tèmi le, a dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́hun, ṣùgbọ́n ọkàn mi kò lọ geere.

Òjò ibí kì í mọ ìgbà tó yẹ kó dá. Á máa rọ̀ títí ògiri yàrá mi á fi máa làágùn. Kò sí ẹni tí mo lè bá sọ Yorùbá. Láàárọ̀, èmi fúnra mi ni mo máa ń kí ara mi, kí ahọ́n mi má bàa gbàgbé.

Ẹ mọ̀ pé dùùrù títẹ̀ ló gbé mi wá síbí. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Lúùsì ló gbà mí síṣẹ́. Bàbá àgbà rẹ̀ wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ṣe orin fún fíìmù ní ilẹ̀ Filipíìnì. Láyé ìgbà tí àwòrán sinimá kò tíì máa sọ̀rọ̀, bàbá yìí á jókòó sínú òkùnkùn nísàlẹ̀ aṣọ funfun tí àwòrán ń hàn lára rẹ̀, á máa wo ojú àwọn òṣèré, á máa tẹ dùùrù bí wọ́n ṣe ń sunkún, bí wọ́n ṣe ń sáré. Nígbà tí fíìmù wá ń sọ̀rọ̀, àwọn ènìyàn rò pé iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn tó ń ṣe fíìmù ló wá bá a nílé pé kó máa ṣe orin sí tàwọn. Lẹ́yìn náà ogun dé, iná jó gbogbo fíìmù wọ̀nyẹn. Bàbá náà kú láìrí ọ̀kan gbà padà.

Síbẹ̀, àwọn arúgbó ṣì ń kọ orin rẹ̀. Èmi àti Lúùsì máa ń lọ bá wọn nílé, wọ́n á kọ ọ́, èmi á sì fi dùùrù mú un. Ibẹ̀ ni owú ti wọ̀ mí lára. Màámi, mo ṣe orin sínú fíìmù nílé títí ọwọ́ mi fi wú. Àwọn fíìmù náà wà lórí fóònù tẹrú-tọmọ ní Ẹdẹ, wọn kò kọ orúkọ mi sí ọ̀kan. Fíìmù ti bàbá yìí jóná, orúkọ rẹ̀ kò jóná.

A wá fẹ́ tẹ àwọn orin náà fún ará ìlú nínú gbọ̀ngàn kan. Orin ìdágbére kan wà tí kò sẹ́ni tó rántí ju ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ lọ. Lúùsì ní kí n dí àlàfo rẹ̀. Mo jókòó tì í, mo sì parí rẹ̀ láti inú ara mi. Lọ́jọ́ náà, mo tẹ orin náà fún wọn. Ìyá arúgbó kan dìde, omi ń dà lójú rẹ̀, ó ní ìyá òun máa ń kọ orin yìí bó bá ń fọṣọ, ó sì gbé e sẹ́nu. Apá tó ń kọ lẹ́nu, apá tèmi ni. Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́ fún bàbá tó ti kú.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo sọ fún Lúùsì pé n kò lè ṣiṣẹ́ kí òkú gba oríyìn. Ó ní ká ní mo mọ bí òun ṣe ń wá ohùn bàbá àgbà òun kiri, n kò ní bá òkú du ẹyọ orin kan. Mo ní mo mọ̀, ṣùgbọ́n ẹyọ orin kan yẹn náà ni èmi ní. Ó ní mo jàre.

Nígbà tí a tún un tẹ̀, ó dárúkọ mi fún èrò, ó ní bàbá àgbà òun ló bẹ̀rẹ̀ orin náà, èmi ni mo parí rẹ̀. Àtẹ́wọ́ kò tó ti àkọ́kọ́. Ó dùn mí, n kò ní purọ́ fún yín. Ìyá arúgbó yẹn rọra rìn wá bá mi nídìí dùùrù. Mo rò pé ìbínú ló bá wá. Lúùsì túmọ̀ ọ̀rọ̀ rẹ̀ fún mi: ó ní ẹni yòówù kó ṣe orin náà, òun ti fi rí ìyá òun. Ó wá bi mí pé ọmọ ta ni mí. Mo dárúkọ yín. Ó ní kí n tún un pè, mo tún un pè, ó sì ń pè é tẹ̀lé mi títí ó fi mọ́ ọn lẹ́nu.

Owú náà kò tíì tán, Màámi, ẹ fi mí sádùúà. Kí Ọlọ́hun dá yín sí fún wa, kí ẹ jẹun ọmọ pẹ́. Ẹ bá mi kí tilé-toko, kí ẹnikẹ́ni má ṣe sọ pé n kò kí òun.

Èmi ni, ọmọ yín,
Ràsákì.