Ṣíbí Inú Fíìmù Yín

Ẹ̀gbọ́n mi Ọlálérè,

Ṣé ìyàwó yín àtàwọn ọmọ ń gbádùn ní Kánádà? Gbogbo wa ní Ṣógúnlé ń kí yín. Ẹsẹ̀ Màámi ti fúyẹ́, wọ́n ti ń dá lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

Ọ̀rọ̀ fíìmù tí ẹ kọ ló mú mi kọ̀wé. Lánàá tí a ń yà á ní Èjìgbò, wárápá gbé ọmọ inú ìtàn náà. Dírẹ́kítọ̀ ní kí ìyá rẹ̀ ki ṣíbí bọ̀ ọ́ lẹ́nu, bí ẹ ṣe kọ ọ́. Èmi tí wọ́n gbà bíi nọ́ọ̀sì tó ń tọ́ wọn sọ́nà ní kò ṣeé ṣe.

Ó ní, "Àǹtí Nọ́ọ̀sì, fíìmù la ń ṣe o! Láìsí ṣíbí, ẹ̀rù ò ní ba ẹnikẹ́ni."

Mo ní kí ìyá gbé ṣíbí wá, kí aládùúgbò gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, kí wọ́n tẹ́ ọmọ náà ní ẹ̀gbẹ́, kí wọ́n máa wò ó títí yóò fi jí. Ìdúró yẹn ba ni lẹ́rù ju ṣíbí lọ.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ pe dírẹ́kítọ̀ kí ẹ yí ibẹ̀ padà, nítorí mi ò ní gbà. Ẹ rántí Tẹ́júọlá àbúrò wa. Wárápá kọ́ ló yọ eyín iwájú rẹ̀, ṣíbí Màámi ni. Inú fíìmù ni Màámi sì ti kọ́ ọ.

Ọlọ́run á bù sí iṣẹ́ yín. Kí ìyá ẹlòmíràn má kọ́ ọ nínú tiwa.

Èmi àbúrò yín,
Kúnbi