Jẹ́sì Tí Mo Jù Sílẹ̀

Ìṣẹ́gun, 2 Oṣù Kẹsàn-án 2025

Wọ́n ti fi í ṣe kápútẹ́nì. Najeem Abógúnrìn. Kápútẹ́nì Ọ̀ránfẹ̀, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù wa.

Alága Lágúnjú ló wá sọ fún mi. Mo ń ká jẹ́sì lọ́wọ́. Ó dúró sẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú awò dúdú lójú, nínú ilé. Ìdí tí mo fi ń pè é ní Aláwò nìyẹn. Ó ní, “Màmá Jẹ́sì, mo fẹ́ kí ẹ gbọ́ ọ lẹ́nu mi kí ẹ tó gbọ́ ọ níta.” Mo ti gbọ́ ọ níta láti àárọ̀. Àwọn tó ń ta ewúrẹ́ ní Sábó ti gbọ́. Àwọn ewúrẹ́ náà ti gbọ́.

Mo ń ká jẹ́sì lọ.

Najeem. Ẹlẹ́sẹ̀ Irin tí mo ti ń kọ sínú ìwé yìí láti ọdún mẹ́ta. Ẹgbẹ́ àlejò ló bá wá nígbà náà, ọjọ́ tí a kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù nílé ní sáà yẹn. Ìbùkún ọmọ mi ni kápútẹ́nì wa. Nọ́ńbà mẹ́fà. Ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún. Ìṣẹ́jú mọ́kàndínlógún péré — Ẹlẹ́sẹ̀ Irin dé, Ìbùkún ṣubú, orúnkún lọ. Rẹfirí fún un ní káàdì pupa. Káàdì. Ọmọ mi kò gbá bọ́ọ̀lù mọ́ láti ọjọ́ náà.

Wọ́n wá ra ẹni yẹn wá fún wa.

Ọjọ́rú, 3 Oṣù Kẹsàn-án

Mi ò ronú dé ibẹ̀ lánàá. Inú ló ń bí mi jù. Èmi ni màá wọ̀ ọ́ láṣọ.

Kò sí nínú ìwé òfin kankan. Ní ọdún méjìlélógún sẹ́yìn, kápútẹ́nì ìgbà náà fi apá ṣèṣe, kò lè ti ọwọ́ bọ jẹ́sì. Mo bá a wọ̀ ọ́ lẹ́nu ọ̀nà yàrá ìmúra, lójú gbogbo èrò. A jẹ góòlù mẹ́ta lọ́jọ́ yẹn. Láti ìgbà náà, ọjọ́ tí a bá kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù nílé, a ó fún àwọn àlejò ní àkàrà àti ẹ̀kọ ní gééètì, kí wọ́n má baà sọ pé Ifẹ̀ ò mọ àlejò í gbà kí á tó nà wọ́n. Lẹ́yìn náà kápútẹ́nì á jáde láìwẹ̀wù, á bẹ̀rẹ̀, èmi á ki jẹ́sì bọ̀ ọ́ lọ́rùn. Bí orí rẹ̀ bá ti yọ, gbogbo pápá á hó.

Kápútẹ́nì mọ́kànlá ni mo ti wọ̀ láṣọ. Mo wọ ọmọ inú mi náà láṣọ.

Ọjọ́bọ̀, 4 Oṣù Kẹsàn-án

Mi ò ní wọ̀ ọ́.

Àbámẹ́ta, 6 Oṣù Kẹsàn-án

Ẹlẹ́sẹ̀ Irin wá sílé wa ní Ìrẹ̀mọ lónìí. Ó láyà.

Mo ń ṣa ẹ̀wà. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí sìmẹ́ǹtì, pẹ̀lú gíga rẹ̀ yẹn. Ó ní, “Ẹ káàárọ̀, Màmá.” Ó tún kí mi. Mo ń ṣa ẹ̀wà. Ó wà nílẹ̀ títí, mo mọ̀ọ́mọ̀ ṣa ẹ̀wà náà dé ìsàlẹ̀ atẹ.

Ó dìde fúnra rẹ̀ nígbà tó yá. Ó ní òun mọ̀ pé inú mi ò dùn sí òun, òun ò sì wá bá mi jiyàn. Ó ní nọ́ńbà yòówù kí n fún òun, òun á wọ̀ ọ́, òun ò béèrè mẹ́fà. Mo ní, “Ta ló sọ fún ẹ pé mẹ́fà wà nínú ohun tí wọ́n lè fún ẹ?” Ó ní, “Ẹ má bínú, mà.” Ó ń wo ilẹ̀kùn yàrá ṣáá, bí ẹni tó ń retí kí ẹnì kan jáde.

Ìbùkún wà nínú yàrá. Kò jáde. Ńṣe ló yí rédíò sókè.

Mo ní kó máa lọ. Ó lọ. Mo fọ ibi tó dọ̀bálẹ̀ sí.

Ajé, 8 Oṣù Kẹsàn-án

Aláwò pè mí sí ọ́fíìsì. Ó ní bí mi ò bá wọ kápútẹ́nì láṣọ, àbúrò ìyàwó òun á wọ̀ ọ́. Ó ní, “Àṣà ẹgbẹ́ ni, Màmá, kì í ṣe àṣà ilé yín.” Mo ní ọwọ́ mi ni àṣà náà ti jáde kí òun tó mọ ọ̀nà pápá. Ó bọ́ awò. Ìgbà àkọ́kọ́ tí màá rí ojú rẹ̀. Ó kéré bí ojú adìyẹ.

Kò gbé ohùn sókè. Ó ní kí n dáhùn kí ilẹ̀ ọ̀la tó ṣú.

Ìṣẹ́gun, 9 Oṣù Kẹsàn-án

Mo ti ní mo gbà. Ó rò pé òun ti borí mi. Nọ́ńbà mẹ́fà náà ni wọ́n fẹ́ kó wọ̀ — Aláwò ní yóò dára nínú fọ́tò. Ó dáa bẹ́ẹ̀.

Mo sọ fún Ìbùkún níbi oúnjẹ. Ó ní, “Ẹ wọ̀ ọ́ jàre, Màmá. Ó ti pẹ́.” Mo ní kò pẹ́ lójú mi, ojoojúmọ́ ni mò ń gbọ́ bó ṣe ń wọ́ ẹsẹ̀ kọjá. Ó ti àwo rẹ̀ sẹ́yìn, ó jáde lọ sí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ní Mayfair. Kò jẹun tán. Ọmọ yìí, àánú rẹ̀ ti pọ̀ jù. Gbogbo ìlú ṣì ń pè é ní Kápútẹ́nì, orí rédíò ló ti ń sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ní gbogbo òpin ọ̀sẹ̀, kò sì tíì fi ẹnu ara rẹ̀ bú Ẹlẹ́sẹ̀ Irin rí. Èmi ni mò ń bá a bú u.

Ẹtì, 12 Oṣù Kẹsàn-án

Mo fọ gbogbo rẹ̀. Mo lọ̀ ọ́. Mẹ́fà ni mo lọ̀ gbẹ̀yìn, mo sì lọ̀ ọ́ dáadáa.

Àìkú, 14 Oṣù Kẹsàn-án

Mo ti ṣe é.

Èrò kún. Wọ́n gùn dé orí ògiri. Àwọn àlejò jẹ àkàrà wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Àwọn àgbàlagbà tó ti gbá bọ́ọ̀lù fún wa tẹ́lẹ̀ tò sápá kan, sápá kejì, èmi sì dúró láàárín pẹ̀lú jẹ́sì lápá. Ìbùkún wà lókè níbi ti àwọn oníròyìn.

Ẹlẹ́sẹ̀ Irin jáde láìwẹ̀wù. Pápá pa rọ́rọ́. Kò sẹ́ni tó mọ̀ bóyá kí òun pàtẹ́wọ́ ni. Ó dé iwájú mi, ó bẹ̀rẹ̀, ó di ojú. Ó di ojú bí ọmọdé tí wọ́n fẹ́ da omi lé lórí. Mo rí oríkèé ẹ̀yìn ọrùn rẹ̀.

Mo tú jẹ́sì náà. Mo gbé e sókè kí gbogbo wọn rí mẹ́fà. Mo sì jù ú sílẹ̀ níwájú ẹsẹ̀ rẹ̀, nínú ẹrọ̀fọ̀ òjò àná.

Mo ní, “Ti ẹni tí o ṣẹ́ lẹ́sẹ̀ ni. Fúnra rẹ ni kí o mú un.”

Ariwo tó sọ lẹ́yìn ìyẹn, mi ò gbọ́ irú rẹ̀ rí ní pápá yẹn. Wọ́n hó lé e lórí. Ó la ojú. Kò wò mí. Ó bẹ̀rẹ̀, ó mú un, ó gbọn ẹrọ̀fọ̀ rẹ̀, ó wọ̀ ọ́. Odindi àádọ́rùn-ún ìṣẹ́jú, gbogbo ìgbà tí bọ́ọ̀lù bá kàn án ni wọ́n ń hó lé e lórí. Àwọn ará ilé tirẹ̀. A gbá ọ̀mì, òdo sí òdo.

Màá sùn dáadáa lálẹ́ yìí.

Ajé, 15 Oṣù Kẹsàn-án

Fídíò náà wà lórí gbogbo Wásáàpù. Èrò ọjà ń kí mi. Obìnrin kan ní Ìrẹ̀mọ fún mi ní ọ̀gẹ̀dẹ̀ odindi, ó ní mo ṣe bí ìyá. Aláwò kò pè mí. Ẹ̀rù ń bà á.

Ìbùkún kò bá mi sọ̀rọ̀ láti àná.

Ìṣẹ́gun, 16 Oṣù Kẹsàn-án

Sùmáyà wọlé bá mi níbi ìfọṣọ. Nọ́ọ̀sì ẹgbẹ́ wa ni, ọmọ jẹ́jẹ́, tí kì í gbójú sókè bó bá ń kí mi. Lónìí kò kúnlẹ̀. Ó dúró ṣánṣán.

Ó ní òun ti fi ọdún mẹ́ta pa ẹnu mọ́ nítorí pé aláìsàn ló bẹ òun, iṣẹ́ òun sì ni kí òun pa á mọ́. Ó ní òun ò ní sọ ọ́ náà lónìí. “Ṣùgbọ́n ẹ lọ bi Ìbùkúnolúwa léèrè, Màmá. Ẹ bi í pé kí ni mo dì mọ́ orúnkún rẹ̀ kí ó tó wọ pápá lọ́jọ́ náà.”

Mo ní kí ni ó ń sọ. Ó ti yí ẹ̀yìn padà.

Ọjọ́rú, 17 Oṣù Kẹsàn-án

Mo bi í.

Ó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ibùsùn. Ó kọ́kọ́ ní Sùmáyà ò ní ẹ̀tọ́. Lẹ́yìn náà ó sọ ọ́. Mo ń kọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́, kí n má baà tún un ṣe lọ́kàn ara mi.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ méjì ṣáájú bọ́ọ̀lù, ni orúnkún náà ti dún níbi ìdánrawò. Ó wú. Sùmáyà ní kó má gbá, kó lọ ya fọ́tò rẹ̀ ní ọsibítù. Ó bẹ̀ ẹ́. Wọ́n fi báńdéèjì dì í, ó fi ìbọ̀sẹ̀ gígùn bò ó.

“Nígbà tí mo ṣubú, Najeem ò tíì kàn mí. Mo yí padà ni, iṣan orúnkún sì já. Òun ti ń bọ̀ lórí eré, kò lè dúró, ó fò lé mi, ó sì ṣubú lù mí.”

Mo ní, kí ló dé tó fi gbá a nígbà tó mọ̀.

Ó wò mí. “Ọjọ́ tí ẹ máa wọ̀ mí láṣọ ni, Màmá. Ẹ ti sọ fún gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹ ti pe àwọn Bọ̀dá láti Ẹdẹ.”

Mo ní, kí ló dé tí kò sọ̀rọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Odindi ọdún mẹ́ta.

“Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ pariwo. Ẹ sáré wọ pápá, ẹ nàka sí i. Kí wọ́n tó gbé mi dé ọsibítù, gbogbo Ifẹ̀ ti mọ ẹni tó ṣe é. Mi ò pa irọ́ kankan. Mo kàn dákẹ́ ni.”

Mo kàn dákẹ́ ni.

Mo gbá a létí. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n. Kò gbé ọwọ́ sókè láti dáàbò bo ojú.

Ọjọ́bọ̀, 18 Oṣù Kẹsàn-án

Mi ò fọ nǹkan kan.

Àìkú, 21 Oṣù Kẹsàn-án

Wọ́n lọ gbá bọ́ọ̀lù níta lónìí. Mo gbọ́ ọ lórí rédíò. Wọ́n ń hó lé e lórí lọ́hùn-ún náà, àwọn tí kò mọ̀ ọ́n rí. Fídíò mi ti dé ọ̀dọ̀ wọn. Inú ń bí mi sí i síbẹ̀. Inú ń bí mi pé kò ṣe é. Mi ò mọ ibi tí màá gbé ìbínú náà sí.

Ìṣẹ́gun, 23 Oṣù Kẹsàn-án

Mo sọ fún Ìbùkún pé màá sọ ọ́ ní pápá, ní gbangba. Gbangba ni mo ti ṣe é.

Ó bẹ̀ mí. Ó kúnlẹ̀ sórí orúnkún rere. Ó ní rédíò á lé òun, ìlú á pe òun ní onírọ́, pé orúkọ nìkan ló kù fún òun. Ó ní, “Ẹ lọ bá a nílé rẹ̀, ẹ bẹ̀ ẹ́ níkọ̀kọ̀.” Mo ní ṣé ìkọ̀kọ̀ ni wọ́n ti ń hó lé e lórí ni?

Ó ní, “Ìyà tirẹ̀ wá ju tèmi lọ lójú yín.” Ó ní èmi kì í lè ṣe nǹkan láìsí èrò tó ń wò mí. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí. Òótọ́ wà níbẹ̀.

Àìkú, 28 Oṣù Kẹsàn-án

Ọláwọlé tó ń pe orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù lórí ẹ̀rọ gbohùngbohùn rò pé mo tún fẹ́ bú Najeem ni. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó gbé ẹ̀rọ fún mi. Àwọn agbábọ́ọ̀lù ti wà lórí pápá.

Mo ní, “Èmi Àtọ́kẹ́ ni, Màmá Jẹ́sì. Orúnkún ọmọ mi ti bàjẹ́ kó tó wọ pápá lọ́jọ́ náà. Najeem kò ṣẹ́ ẹ. Mo purọ́ mọ́ ọn, mo sì kọ́ yín láti hó lé e lórí. Mo bẹ̀ yín, ẹ dákẹ́.”

Wọ́n dákẹ́. Lẹ́yìn náà ẹnì kan kígbe láti orí ògiri pé irọ́ ni, Aláwò ló fún mi lówó. Òmíràn ní, “Kápútẹ́nì Ìbùkún wá jẹ́ kí ìyá rẹ̀ máa ṣe bẹ́ẹ̀?” Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í hó. Lé mi lórí, lé Ìbùkún lórí, mi ò mọ̀. Mo wo òkè níbi ti àwọn oníròyìn. Ìbùkún ń ká wáyà ẹ̀rọ rẹ̀ jọ. Ó ń sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, ní ẹyọ ẹyọ, bó ṣe máa ń sọ̀.

Najeem kò yíjú sí mi.

Ajé, 29 Oṣù Kẹsàn-án

Ìbùkún ti kó ẹrù lọ sọ́dọ̀ àbúrò bàbá rẹ̀ ní Ẹdẹ. Mo pè é lẹ́ẹ̀mẹfà. Ó ti pa fóònù.

Ìṣẹ́gun, 30 Oṣù Kẹsàn-án

Najeem wá. Ó kí mi ní ìdúró, ó tẹ orí ba díẹ̀. Mo ní kó jókòó. Ó ní òun ò ní pẹ́.

Ó ní òun ò wá dúpẹ́. Mo ní mi ò retí ọpẹ́. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀ ẹ́, ó na ọwọ́ kí n dúró. Ó ní, “Ẹ ti bẹ̀ mí lórí ẹ̀rọ. Èyí tó kù kì í ṣe tèmi.”

Ó ní ìyá òun wà ní Ìwó. Láti ọdún mẹ́ta, kò lọ sí àsàlátù àwọn obìnrin mọ́, nítorí wọ́n máa ń nàka sí i pé ìyá ẹni tó ń ṣẹ́ ọmọ ọlọ́mọ lẹ́sẹ̀ ni. Fídíò ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn, àwọn ọmọ àdúgbò ló gbé e wá han obìnrin náà. Ó rí ọmọ rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀, tó di ojú.

Najeem tẹ nọ́ńbà ìyá rẹ̀, ó gbé fóònù lé mi lọ́wọ́, ó sì jáde lọ dúró sí ìta.

Ohùn àgbà ni. “Ta ni?”

Mo dárúkọ mi.

Mo ń gbọ́ ẹni tó ń gún nǹkan lọ́hùn-ún, ìyá náà ní kí wọ́n dáwọ́ dúró. Wọ́n dáwọ́ dúró.

Ó ní, “Ọdún mẹ́ta ni mo ti ń retí ohùn rẹ. Sọ̀rọ̀.”

Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Mo sọ̀rọ̀.