Àyè Korobá Mi Nídìí Pọ́ǹpù

Màmá mi,

Mo kí yín láti Kútọnu. Ẹ má ṣàníyàn, gbogbo nǹkan ló ń lọ déédéé níbí. Omi ẹ̀rọ ń yọ nínú yàrá mi tọ̀sán-tòru, àwọn obìnrin kan sì ti ń gbá títì kí ilẹ̀ tó mọ́. Kò sẹ́ni tó nílò aládùúgbò. Lọ́jọ́ tí mo dé, mo gbé omi lọ fún ìyá àgbà tó wà ní yàrá kejì, bí àlejò ti ń ṣe nílé wa ní Sanson. Ó rẹ́rìn-ín: "Ọmọ mi, ṣé mi ò ní ẹ̀rọ ni?" Ó ti ilẹ̀kùn.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá mo dùbúlẹ̀ àìsàn díẹ̀, ọjọ́ mẹ́rin péré. Ọkùnrin tó ń kó ìdọ̀tí nìkan ló kanlẹ̀kùn.

"Àbúrò, mi ò rí àpò ìdọ̀tí rẹ níta. Ṣé kò sí?"

Mo ní kò sí. Ó wù mí kó dúró, ṣùgbọ́n ọkọ̀ wọn ti ń fọn fèrè.

Ẹ bá mi kí àǹtí wa, tata Mounifatou, àti gbogbo ará ìdí pọ́ǹpù. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ máa to korobá mi mọ́ tiyín láràárọ̀, kí ẹnikẹ́ni má gba àyè mi.

Èmi Rahimatou yín.